Kí ni Orúkọ Ọmọ Náà?

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, a rán ọmọbìnrin wa lọ ra àkàrà. Ìwé ìròhìn àtijọ́ ni alákàrà fi wé e. Bí a ti tú u, àwòrán ọmọ kékeré kan tí ebi ti sọ di egungun ń wò wá láàárín àbàwọ́n epo: ọmọ ilẹ̀ Sudan ni, níbi tí ogun bẹ́ sílẹ̀ ní oṣù kẹrin ọdún 2023. Ọmọ wa bèèrè pé, “Bàbá, kí ni orúkọ rẹ̀?” A wo abẹ́ àwòrán náà. Orúkọ ẹni tí ó yà á wà níbẹ̀. Ti ọmọ náà kò sí. A kò lè gbé àkàrà náà mì.

Ìbéèrè yìí kì í ṣe tuntun. Ní ọjọ́ 26 oṣù kẹta ọdún 1993, New York Times tẹ àwòrán kan jáde tí Kevin Carter, ọmọ Gúúsù Áfíríkà, yà ní Ayod, ní ìhà gúúsù Sudan: ọmọ kan tí ebi dá wólẹ̀, tí igún sì dúró lẹ́yìn rẹ̀. Wọ́n pè é ní ọmọbìnrin. Àwọn òǹkàwé bèèrè ohun tí ó dé bá a. Lẹ́yìn ọjọ́ 4, ìwé ìròhìn náà dáhùn pé ó dìde, ó bá ọ̀nà rẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n a kò mọ̀ bóyá ó dé ibi tí a ti ń pín oúnjẹ. Ní 1994, Carter gba ẹ̀bùn Pulitzer. Ní oṣù keje ọdún náà, ó pa ara rẹ̀. Ó di 2011 kí àwọn oníròhìn ará Spéìn tó wá ìdílé ọmọ náà rí. Ọmọkùnrin ni! Bàbá rẹ̀ wí pé ebi náà kò pa á. Ibà ni ó pa á ní ọdún púpọ̀ lẹ́yìn náà.

A kò wí pé kí a bo ìyà mọ́lẹ̀. Bí a bá bò ó, ta ni yóò ṣàánú? Ṣùgbọ́n àwọn àgbà ní, ilé là á wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Ọmọ tí kò lórúkọ nínú ìwé ìròhìn, a kò wo ilé rẹ̀ ni. Bí orúkọ náà yóò bá sì fa ewu, kí a wí bẹ́ẹ̀.

Ọwọ́ àwa náà kò mọ́. Nígbà kan tí omíyalé ṣẹlẹ̀, a kọ̀wé nípa ẹkún ìyá kan. A kò bèèrè orúkọ rẹ̀, a kò sì padà lọ wò ó. Ní ọ̀sẹ̀ yìí, a ó lọ.

Ẹ̀yin òǹkàwé, ẹ máa bi wá léèrè.