Ẹ Fi Ibi Tó Ti Yẹ Kó Padà Hàn Mí

Alẹ́ ọjọ́ Jímọ̀ kan la wo fíìmù tí wọ́n ń pè ní Victoria. Àwa márùn-ún la há ara wa mọ́ orí ibùsùn kan ní họ́sítẹ́ẹ̀lì, kọ̀ǹpútà kan ṣoṣo wà níwájú wa, a sì ń gbàdúrà kí bátìrì rẹ̀ má kú. Fíìmù ọ̀daràn ni, ará Jámánì kan tó ń jẹ́ Sebastian Schipper ló darí rẹ̀, ọdún 2015 ló sì jáde. Ohun tí a gbọ́ nípa rẹ̀ ló fà wá: wọ́n ní kámẹ́rà ò dúró rárá láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, pé ìṣẹ́jú 138 ni wọ́n fi yà á láìgé ibì kankan. A rò pé irọ́ ni.

Kì í ṣe irọ́ o. Ní ọjọ́ 27 oṣù kẹrin ọdún 2014, ní nǹkan bí aago mẹ́rin ààbọ̀ ìdájí, Sturla Brandth Grøvlen gbé kámẹ́rà rẹ̀ ní ìlú Berlin, kò sì gbé e sílẹ̀ títí ó fi ń lọ sí aago méje. Ó tẹ̀ lé àwọn òṣèré jáde ní ilé ijó, ó bá wọn gun òrùlé, ó bá wọn wọ mọ́tò, ó bá wọn sá nígbà tí ìbọn ń dún. Ojú ewé 12 péré ni ìwé eré náà. Àwọn òṣèré fúnra wọn ló ń wá èyí tó pọ̀ jù nínú ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń sọ. Owó tó wà nílẹ̀ ò ju ti ìgbìyànjú mẹ́ta lọ. Ẹ̀ẹ̀kẹta ló bọ́ sí i, òun la sì ń wò. Iṣẹ́ kámẹ́rà yẹn gba ẹ̀bùn Silver Bear ní àjọ̀dún fíìmù Berlin.

Victoria tí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ pe fíìmù náà jẹ́ ọmọbìnrin ará Sípéènì. Ilé kọfí ló ti ń ṣiṣẹ́, owó rẹ̀ ò tó nǹkan, kò gbọ́ èdè Jámánì, kò sì lọ́rẹ̀ẹ́ kankan ní ìlú náà. Ó pàdé ọmọkùnrin mẹ́rin nílé ijó: Sonne, Boxer, Blinker àti Fuß. Kí ilẹ̀ tó mọ́, òun ló ń wa mọ́tò tí wọ́n fi lọ ja báńkì lólè.

Gbogbo wa bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo mọ́ kọ̀ǹpútà pé, “Máa lọ sílé ẹ, jàre!” Ẹnì kan pa á lówe pé àgùntàn tó bá ajá rìn yóò jẹ ìgbẹ́. A rẹ́rìn-ín. Ẹnì kan nínú wa ò rẹ́rìn-ín.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀ wá, ẹ mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ ní sáà tó kọjá. Ọ̀rẹ́ kan bẹ ẹni wa yìí pé kó jẹ́ kí owó díẹ̀ gba inú àkáǹtì rẹ̀ wọlé. Ó gbà. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan, owó tó ju ìyẹn lọ wọlé. Ó tún gbà. Nígbà tó di ẹ̀ẹ̀kẹta, wọ́n ti àkáǹtì náà pa, wọ́n pè é sí àgọ́ ọlọ́pàá, bàbá rẹ̀ sì ní láti wọkọ̀ wá láti ilé. Nígbà tó padà dé yàrá, òmùgọ̀ la pè é. Òwe àgùntàn yẹn gan-an la pa fún un.

Ó na ọwọ́, ó dá fíìmù náà dúró. Ó ní, “Ẹ fi ibi tó ti yẹ kó padà hàn mí.”

A wá a. Ṣé ẹnu ọ̀nà ilé ijó ni? Wọ́n kàn kí i ni. Ṣé ìgbà tí wọ́n jí ọtí ní ṣọ́ọ̀bù tí ẹni tó ń tà á ti sùn lọ ni? Ó jọ eré. Nílé kọfí, ó tẹ píánò fún Sonne, ó sì sọ fún un bí ọ̀pọ̀ ọdún tó fi kọ́ ọ ṣe já sí asán. Sonne tẹ́tí sí i. Ta ni ìbá dìde níbẹ̀? Lẹ́yìn náà la gbọ́ pé ẹni tó dáàbò bo Boxer lẹ́wọ̀n ti wá gba gbèsè rẹ̀, Fuß sì ti mutí yó, wọ́n nílò ẹnì kan sí i. Ibẹ̀ ló ti yẹ kó kọ̀. Ṣùgbọ́n nígbà yẹn, ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni wọ́n ti dà.

Fíìmù mìíràn ì bá ti gé e: ó ń jó, lẹ́yìn náà ó ń jalè. Ọ̀nà tó wà láàárín méjèèjì la ò ní rí, a ó sì dá a lẹ́bi pẹ̀lú ìrọ̀rùn. Schipper ò gé e, ìdí nìyẹn tí a fi rí i pé bẹ́ẹ̀ ni kéékèèké ló pọ̀ títí ó fi di ọ̀ràn ńlá. Fíìmù náà ò sọ pé olè dáa o. Ẹ̀mí lọ sí i, ẹkún ìparí rẹ̀ ò ṣe é gbọ́.

Ṣùgbọ́n àwa ti gé ìtàn ẹni wa. A gé e kúrò pé ọ̀rẹ́ yẹn ló gbé e lọ sílé ìwòsàn ní ọdún àkọ́kọ́, nígbà tí ibà dá a wólẹ̀ tí àwa yòókù ti lọ lo ìsinmi nílé. Òun ló ra oògùn. Òun ló sùn tì í. A mọ̀ ọ́n, a ò kàn kà á mọ́ ọn ni.

Àwọn òṣèré Victoria rí ìgbà mẹ́ta gbìyànjú. Victoria fúnra rẹ̀ rí ẹyọ kan. Ẹni wa náà, ẹyọ kan ló rí.

Lálẹ́ ọjọ́ yẹn a bẹ̀ ẹ́. Ó ní kò sí wàhálà, ó sì tẹ fíìmù náà kó máa lọ. Ẹ̀yin náà, ẹ wò ó. Tẹ́ ẹ bá rí ibi tó ti yẹ kó padà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ fún wa.