Gbànja Àlàbá Rago

Láti kékeré ni mo ti ń gbọ́ nínú àlọ́ nípa ewé tí í dá oòrùn dúró lójú ọ̀run. N kò rí irú ewé bẹ́ẹ̀ rí. Èyí tí mo rí tó sún mọ́ ọn jù, Àlàbá Rago ni mo ti rà á, ní òpópó Badagry, lọ́wọ́ Hausa kan tó jókòó ti agbọ̀n goro. Obì gbànja náà ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀. Ilẹ̀ wa ló sì ti ń hù: ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, láti Àgége ni wọ́n ti ń fi rélùwéè kó o lọ sí Kánò.

Ìdánwò kù ọ̀la. Mo jẹ awẹ́ kan, mo jẹ èkejì, òru sì gùn bí ọjọ́ méjì. Kaféènì inú obì ló ń dí ọ̀nà tí àárẹ̀ fi ń ránṣẹ́ sí ọpọlọ. Àárẹ̀ fúnra rẹ̀ kò lọ síbì kan. Mo kàwé títí ilẹ̀ fi mọ́. Ìbéèrè kejì ni mo wà tí oorun fi gbé mi. Ìgbà tí mo lajú, wọ́n ti ń gba ìwé.

Àwọn àgbà ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ yóò lé e bá. Ẹni tó gbin obì a máa dúró ju ọdún márùn-ún lọ kí igi náà tó so. Èmi tí mo jẹ ẹ́ ni n kò lè fún oorun ní òru kan.