Àwọn Oníwòsàn Ironforge

Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2005, àjàkálẹ̀ àrùn kan bẹ́ sílẹ̀ ní ìlú Ironforge àti Orgrimmar. Ẹ má wulẹ̀ wá wọn lórí máàpù. Inú World of Warcraft ni wọ́n wà, géèmù orí íntánẹ́ẹ̀tì tí àìmọye èèyàn jọ máa ń gbá lẹ́ẹ̀kan náà. Àbúrò mi ọkùnrin ló kọ́kọ́ sọ ọ́ fún mi, lọ́dún 2020, tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ti iṣẹ́ òru dé. Mo ní kó fi mí sílẹ̀ o jàre, àrùn tó wà níta tó mi í gbọ́. Ìgbà tí mo wá ka ohun tí àwọn onímọ̀ àjàkálẹ̀ àrùn kọ nípa rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà tó mú mi.

Àwọn tó ṣe géèmù náà fi òrìṣà ẹ̀jẹ̀ kan, Hakkar, sí ibì kan tó ń jẹ́ Zul'Gurub. Ẹni tó bá lọ bá a jà, Hakkar á ta èpè lù ú. Corrupted Blood ni wọ́n pe èpè náà. Ẹ jẹ́ ká máa pè é ní Ẹ̀jẹ̀ Díbàjẹ́. Á máa jẹ agbára onítọ̀hún, á sì máa ràn mọ́ ẹni tó bá dúró tì í. Wọn ò fẹ́ kó jáde kúrò ní Zul'Gurub rárá. Àmọ́ àwọn ọdẹ inú géèmù ní ẹran ọ̀sìn tí wọ́n ń mú lọ sójú ìjà. Bí ẹran bá kó èpè yẹn, tí ọdẹ sì ní kó lọ sinmi, àrùn á dúró sí i lára. Ó di ìgbà tí ọdẹ bá dé ìgboro, tó tún pe ẹran rẹ̀ jáde láàárín èrò. Ó parí!

Kò tán síbẹ̀. Àwọn ọlọ́jà àti ẹ̀ṣọ́ ìlú tí kọ̀ǹpútà ń darí náà ń kó o. Kì í pa wọ́n, kì í hàn lára wọn, wọ́n kàn ń fi ran oníbàárà ni. (Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ṣiṣẹ́ ní wọ́ọ̀dù, ẹ mọ irú wọn.) Àwọn tó ti lágbára nínú géèmù lè rọ́jú díẹ̀. Àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ń kú bíi ṣíṣẹ́ ojú, egungun wá kún ojú pópó. Ilé iṣẹ́ tó ni géèmù ní kí àwọn èèyàn ya ara wọn sọ́tọ̀, àwọn kan kọ̀ jálẹ̀. Ìgbẹ̀yìn rẹ̀, wọ́n pa á kúrò nínú ẹ̀rọ, wọ́n sì tún un ṣe ní oṣù Kẹwàá kí ẹran ọ̀sìn má lè gbé e kiri mọ́. Àwa ò ní irú bọ́tìnnì yẹn.

Lọ́dún 2007, Eric Lofgren àti Nina Fefferman kọ̀wé nípa rẹ̀ nínú The Lancet Infectious Diseases. Ìwà àwọn èèyàn ló jọ wọ́n lójú. Àwọn kan sá kúrò nílùú. Àwọn kan fi ojú ara wọn lọ wò ó, wọ́n sì gbé e lọ. Àwọn ìkà kan mọ̀ọ́mọ̀ gbé e lọ sáàárín èrò. Àwọn kan sì wà tí iṣẹ́ wọn nínú géèmù jẹ́ ìwòsàn, tí wọ́n sáré wọ ibi tí àwọn yòókù ń sá jáde, tí kò sẹ́ni tó rán wọn.

Ọ̀rọ̀ tí ìwé náà sọ nípa wọn ló dùn mí. Ó ní ó ṣeé ṣe kó jẹ́ àwọn gan-an ló jẹ́ kí àrùn náà pẹ́ nílẹ̀: wọ́n dá ẹ̀mí aláìsàn dúró pẹ́ tó láti ran ẹlòmíì, àwọn fúnra wọn sì ń kó o láti ibì kan lọ síbòmíì.

Inú kọ́kọ́ bí mi. Mo tún un kà, mo rí i pé òótọ́ ni, bó bá jẹ́ iye èèyàn nìkan là ń kà. Àmọ́ ìwòsàn nìkan ni wọ́n fi lé àwọn oníwòsàn yẹn lọ́wọ́. Kò sí ìbọ̀wọ́, kò sí ìbòmú, kò sí ilẹ̀kùn tí wọ́n lè tì. Lọ́dún 2014 nílùú Èkó, Dókítà Ameyo Stella Adadevoh tọ́jú Patrick Sawyer tó gbé Ebola wọlé, ó sì tún kọ̀ pé kò ní jáde, bí wọ́n ṣe ń fúngun mọ́ ọn tó. Èèyàn 20 ló kó o ní Nàìjíríà, 8 kú. Dókítà fúnra rẹ̀ wà nínú àwọn 8 yẹn. Nínú géèmù, ẹni tó bá kú, iwin rẹ̀ á sáré láti itẹ́ òkú lọ bá ara rẹ̀, á sì tún dìde. Bóyá ìyẹn ló mú kí wọ́n láyà, mi ò mọ̀. Àwọn nọ́ọ̀sì tí a sin lọ́dún 2020 ò dìde.

Lọ́dún náà, màmá àgbà kan wà ní wọ́ọ̀dù wa, ọmọ Ìjẹ̀bú. Wọn ò gba ẹbí láyè láti wọlé. Ọmọ wọn obìnrin wà lórí fóònù: “Anti nọ́ọ̀sì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi di ọwọ́ wọn mú.” Yàrá tí mò ń wọ̀ tí mo sì ń jáde nínú rẹ̀ nìyẹn, tí n ò mọ ohun tí mo ń gbé bọ̀ tàbí èyí tí mò ń gbé lọ, bí ẹran ọdẹ. Mo wọ ìbọ̀wọ́ méjì léra, mo jókòó, mo dì í mú. Màmá sọ ohun kan tí n ò gbọ́ dáadáa, ó jọ orin.

Ọjọ́ kẹta ni wọ́n lọ. Ọmọ wọn tún pè. Ó ní ohun kan ṣoṣo lòun fẹ́ bi mí: ọjọ́ tí mo di ọwọ́ màmá òun mú yẹn, ṣé ọwọ́ wọn ti tutù?

Mo ní rárá, ó gbóná.