Ohun tí a tà àti ohun tí a kò tà ní ilé géèmù Ìsọlọ̀

Ní nǹkan bí ogún ọdún sẹ́yìn, kò sí àdúgbò kan ní Ọ̀ṣọ́dì-Ìsọlọ̀ l'Ékòó tí ẹ kò ní bá ilé géèmù. Àwọn tí wọ́n ṣe kékeré ní Màfolúkù, ní Ṣógúnlé àti ní Ìlasàmàjà yóò bá mi jẹ́rìí sí i. Ṣọ́ọ̀bù tóóró ni: tẹlifísàn méjì tàbí mẹ́ta, bẹ́ǹṣì onípákó, PlayStation 2 tókunbọ̀ tí àwọn oníṣẹ́ ti tú inú rẹ̀ kó lè máa gba sìídì àdàkọ láti ọjà Alábà, àti jẹnẹrétọ̀ kékeré tó ń pariwo lẹ́nu ọ̀nà. Èmi náà ní ọ̀kan. Ilé-iṣẹ́ aṣọ tí mo ti ń ṣiṣẹ́ ti kógbá sílé, owó tí wọ́n fún wa pé ká máa lọ ni mo fi bẹ̀rẹ̀. Bàbá Géèmù ni àwọn ọmọ ń pè mí, orúkọ yẹn náà ni àwọn kan nínú wọn ṣì fi ń kí mi títí dòní, bí àwọn fúnra wọn tilẹ̀ ti di bàbá ọmọ.

Bọ́ọ̀lù ló ń mówó wọlé. Ẹni tí wọ́n bá na á dìde, ẹlòmíràn á jókòó, ogún náírà á tún bọ́ sínú agolo. Ṣùgbọ́n bí alẹ́ bá ti ń lẹ́, tí àwọn oníbọ́ọ̀lù ti lọ jẹun, àwọn ọmọ mélòó kan máa ń dúró. Géèmù ìrìn-àjò ni tiwọn, èyí tí èèyàn ń tẹ̀ lé ìtàn rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, tí yóò fi ibi tó bá a dé pamọ́ sórí memory card, tí yóò sì padà wá lọ́la. Ọ̀dọ̀ àwọn ọmọ yẹn ni mo ti gbọ́ àríyànjiyàn tó dùn mọ́ mi jù láyé mi: kí ni ká tà, kí ni ká má tà?

Resident Evil 4 ni géèmù náà. Ó dé sórí PlayStation 2 ní oṣù Kẹwàá ọdún 2005, Alábà sì gbé e dé ọ̀dọ̀ wa. Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Leon ni wọ́n rán lọ sí abúlé kan ní Sípéènì pé kó lọ gba ọmọbìnrin Ààrẹ Amẹ́ríkà tí wọ́n jí gbé. Orí àwọn ará abúlé náà ti dàrú, àáké ni wọ́n fi ń pàdé àlejò. Láàárín gbogbo rògbòdìyàn yẹn ni oníṣòwò kan wà, tó faṣọ bo ẹnu àti imú, tí ìbọn kún inú kóòtù rẹ̀ gígùn. Yóò ra nǹkan lọ́wọ́ Leon, yóò tà fún un, yóò sì bá a tún ìbọn rẹ̀ ṣe kó lè gbóná sí i. Pẹsẹ́tà ni owó tí wọ́n ń ná níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ láti ọdún 2002 ni Sípéènì ti pa pẹsẹ́tà tì, tí wọ́n ń ná yúrò. Ṣùgbọ́n oníṣòwò yìí kì í ta ọta. Ìyẹn ló jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà gba ìrònú: owó lè kún àpò èèyàn kí ìbọn rẹ̀ sì gbẹ.

Ṣáájú ìgbà yẹn, nínú àwọn Resident Evil orí PlayStation àkọ́kọ́, kò sí ọ̀rọ̀ kárà-kátà rárá. Nínú Resident Evil ti ọdún 1996, nǹkan mẹ́fà péré ni Chris lè gbé, mẹ́jọ ni ti Jill, ìyókù á wà nínú àpótí. Ìyẹn le lóòótọ́, ṣùgbọ́n kò ju kí èèyàn mọ ohun tó fẹ́ gbé jáde lọ. Ìgbà tí owó dé ló di ọ̀rọ̀ ọjà, ọ̀rọ̀ ọjà kò sì ṣàjèjì sí ọmọ tó ń gba Ọ̀ṣọ́dì kọjá lójoojúmọ́.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí báàgì Leon ṣe rí, nítorí ibẹ̀ ni ìjà ti ń bẹ̀rẹ̀. Wọ́n fi ìlà pín inú rẹ̀ sí ojú kéékèèké. Ẹyin adìẹ gba ojú kan ṣoṣo, ìbọn gígùn gba ojú púpọ̀. Ọmọ á yí ìbọn síhìn-ín, á yí i sọ́hùn-ún, kó ṣáà lè ráyè fi ewé ìwòsàn kan há ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n àwọn ohun ọ̀ṣọ́ tí Leon ń rí lójú ọ̀nà, òkúta olówó iyebíye, ẹ̀gbà ọrùn, ìbòjú olówó ńlá, kì í gba àyè kankan nínú báàgì yìí. Ibòmíràn ni géèmù ń kó wọn sí. Bí ẹ bá gbé wọn títí dé òpin ìtàn, wọn kò ní dí yín lọ́wọ́.

Ohun tí ọ̀pọ̀ ọmọ kì í tètè rí nìyẹn. Bí ọwọ́ wọn bá ti ba ìbòjú, wọ́n á sáré tọ oníṣòwò lọ. Bẹ́ẹ̀, ihò mẹ́ta ló wà lára ìbòjú náà, òkúta mẹ́ta sì ń dúró de Leon níwájú: pupa, aláwọ̀ ewé àti elésè àlùkò. Tí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta bá wọ ihò wọn, owó tí wọn yóò pa pọ̀ ju èyí tí èèyàn lè rí bó bá tà wọ́n ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ọmọ fọkanáísà kan ní òpópónà wa ló kọ́kọ́ já a. Kò sí ẹni tó sọ fún un. Ó tẹ ibi tí wọ́n ti ń yẹ nǹkan wò, ó ń ka Gẹ̀ẹ́sì tó wà níbẹ̀ ní ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan, ìka rẹ̀ ń tọ́ka sí ojú tẹlifísàn. Ló bá yíjú sí mi: "Bàbá, ó dà bí ẹni pé nǹkan kan ṣì yẹ kó wọ inú rẹ̀." Láti ọjọ́ náà ni mo ti fi ṣòfin pé ẹni tó bá fẹ́ ta nǹkan gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ ka ohun tí wọ́n kọ nípa rẹ̀ sókè kí gbogbo ilé gbọ́. Inú mi máa ń dùn láti gbọ́ ìwé kíkà yẹn. Àwọn ọmọ tí olùkọ́ ń nà nítorí ìwé ń kàwé níwájú mi láìsí ẹgba.

Kì í ṣe gbogbo nǹkan ló yẹ ní títọ́jú. Òkúta kékeré kan wà tí wọ́n ń pè ní spinel. Kò sí ihò tó ń wọ̀, kò sí nǹkan tó ń dúró dè é. Ẹ tà á lójú ẹsẹ̀, kí ẹ fi owó rẹ̀ tún ìbọn ṣe, nítorí ìbọn tí ẹ tètè tún ṣe ni yóò jà fún yín jù. Àwọn kan á máa tọ́jú owó de ìbọn rọ́kẹ́ẹ̀tì, tí wọ́n ń tà ní 30,000 pẹsẹ́tà. Ẹ̀ẹ̀kan péré ló ń yìn, lẹ́yìn náà ó tán. Mo kórìíra ìbọn yẹn, mo sì máa ń sọ ọ́ fún wọn.

Ẹ̀gbà ọrùn kan náà wà tó so kọ́ sókè kànga. Bí ẹ bá kàn yìnbọn lù ú, inú omi ẹlẹ́gbin ló ń bọ́ sí, iye rẹ̀ á sì já wálẹ̀ pátápátá. Igi tó gbé ìdérí kànga dúró ni ẹ máa kọ́kọ́ yìn, kí ìdérí bo ẹnu kànga, kí ẹ tó já ẹ̀gbà náà. Gbogbo ilé ni yóò pariwo "ìdérí! ìdérí!" bí ọmọ tuntun bá dé ibẹ̀.

Ìyàwó mi ló wá jẹ́ kí ọ̀rọ̀ ìbòjú yé àwọn tí kò tíì yé. Òkìrìkà ló ń tà ní ọjà Aswani, ọjọ́ Ìṣẹ́gun sì ni ọjà ńlá ń ná níbẹ̀. Lálẹ́ ọjọ́ Ajé kan, ó tú bèéèlì sílẹ̀ ní ẹ̀yìnkùlé, ó ń ṣà wọ́n: èyí tí kò lábàwọ́n tí bọ́tìnnì rẹ̀ pé sí ẹ̀gbẹ́ kan, èyí tó ya sí ẹ̀gbẹ́ kejì. Ó fa kóòtù súùtù kan jáde, aláwọ̀ eérú, ó dára púpọ̀. Aládùúgbò kan ti nawó sí i. Ìyàwó mi kò dáhùn, ó fi kóòtù náà sórí ìjókòó, ó ń tú bèéèlì lọ. Ọmọ fọkanáísà tó wá gba ṣéńjì dúró tì í. "Màmá, ẹ ò ní tà á ni?" Ó ní, "Ṣòkòtò rẹ̀ lè wà nísàlẹ̀. Tí mo bá ta kóòtù báyìí, ta ló máa ra ṣòkòtò nìkan?" Ṣòkòtò náà wà níbẹ̀ lóòótọ́, ó ká mọ́ aṣọ bẹ́ẹ̀dì. Ariwo tí ọmọ yẹn pa wọ inú ṣọ́ọ̀bù, bó ṣe ń sáré lọ sọ fún àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀.

Ní oṣù Kìíní ọdún 2009, ìjọba Gómìnà Babátúndé Fáṣọlá kó àwọn ọjà kúrò lójú títì Ọ̀ṣọ́dì. Ẹni tí kò mọ Ọ̀ṣọ́dì ṣáájú ìgbà náà kò lè mọ bó ṣe rí. Ọjà gba títì mọ́ mọ́tò lọ́wọ́, orí irin rélùwéè pàápàá ni wọ́n ń pàtẹ sí, tí wọ́n á káṣọ nílẹ̀ bí rélùwéè bá ń bọ̀, tí wọ́n á tún tẹ́ ẹ bó bá kọjá tán. Ọ̀rẹ́ ìyàwó mi kan tó ń tajà níbẹ̀ kó bèéèlì rẹ̀ wá sọ́dọ̀ wa, inú ilé géèmù ni a tò wọ́n sí. Bẹ́ǹṣì kò ráyè mọ́, orí bèéèlì ni àwọn ọmọ ń jókòó sí láti fi gbá bọ́ọ̀lù.

Ibẹ̀ ni mo ti wo obìnrin yẹn bó ṣe ń pinnu. Bèéèlì kì í ṣe ìbòjú Leon, ó ń gba àyè, àyè sì lówó l'Ékòó. Aṣọ ọmọdé àti báàgì ilé-ìwé ló kọ́kọ́ tú, ó tà wọ́n ní ẹ̀dínwó nítorí pé àwọn ọmọ ń wọlé ilé-ìwé lóṣù yẹn gan-an. Ó ta kọ́tìnnì lé e. Ṣùgbọ́n bèéèlì súwẹ́tà, kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn án. Àwọn kan bẹ̀ ẹ́ pé kó gba ohunkóhun tó bá rí, kó tú ara rẹ̀ sílẹ̀. Ó dúró dìgbà tí òjò bẹ̀rẹ̀, tí òtútù mú àwọn tó ń jí lọ sí Ìsàlẹ̀ Èkó láàárọ̀ kùtùkùtù, owó súwẹ́tà ló sì fi gba ìsọ̀ tuntun. Mo bọ̀wọ̀ fún un gan-an. Ó mọ èyí tó lè sọ nù àti èyí tí yóò fi bẹ̀rẹ̀ ayé padà, nígbà tí ọkàn gbogbo èèyàn kò balẹ̀.

Lóṣù Kìíní ọdún 2016, wọ́n wó ọjà Owónifáàrí tó wà ní Ọ̀ṣọ́dì náà, wọ́n ní kí àwọn oníṣòwò máa kó lọ sí Ìsọ̀pákódowó ní Bọ́ládé. Ibùdókọ̀ ńlá tí wọ́n ṣí lóṣù Kẹrin ọdún 2019 ló wà níbẹ̀ báyìí. Èmi ti pa ilé géèmù tì nígbà yẹn. Fóònù ti dé ọwọ́ olúkúlùkù ọmọ.

Wọ́n tún Resident Evil 4 ṣe lákọ̀tun, ó jáde lóṣù Kẹta ọdún 2023, ọmọ ọmọ mi sì ń gbá a. Ọ̀pọ̀ nǹkan ti yí padà. Spinel tí a máa ń tà lójú ẹsẹ̀ kò ṣeé tà mọ́, pàṣípààrọ̀ ni wọ́n ń fi ṣe lọ́wọ́ oníṣòwò yẹn. Ibi tí èèyàn lè kó ìbọn tí kò lò pamọ́ sí ti wà, nítorí náà báàgì kò le tó ti àtijọ́. Ohun ọ̀ṣọ́ tó ní ihò sì ti pọ̀ sí i, ihò kan ń gba ju irú òkúta kan lọ, àwọ̀ tí èèyàn bá sì kó jọ ló ń pinnu iye tí owó rẹ̀ yóò fi gòkè.

Ọmọ náà fẹ́ lọ wo ìdáhùn lórí íntánẹ́ẹ̀tì, níbi tí àwọn èèyàn ti to gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ pé ta èyí, má ta tọ̀hún. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó má ṣe bẹ́ẹ̀ ná. Kò sí ìgbádùn kankan nínú kí ẹlòmíràn bá èèyàn ṣe ìpinnu tí òun fúnra rẹ̀ lè ṣe. Adé kan ló ní lọ́wọ́, ihò márùn-ún ló wà lára rẹ̀, ó ti fi òkúta àwọ̀ mẹ́rin tí kò jọra dí mẹ́rin nínú wọn. Ìbọn kan wà tó wù ú, owó rẹ̀ kò sì tó o. Mo ní kó ka ohun tí wọ́n kọ nípa adé náà fún mi sókè. Ó kà á tán, ó wo iye tí oníṣòwò fẹ́ san, ó ní, "Bàbá àgbà, ihò kan ló kù. Ìbọn àtijọ́ ni mo máa fi jà." Mo ní kó tẹ̀ síwájú.