Akòko Ẹ̀yìnkùlé Wa

Ẹjọ́ ara mi ni mo fẹ́ rò.

Ní ọdún 2021, bàbá mi ra ọkọ̀ àlòkù kan, kò sì sí àyè tí a ó gbé e sí ní ilé wa ní Ring Road. Igi mẹ́ta tí bàbá bàbá mi fi pa ààlà ni ó dí ọ̀nà. Igi ààlà ni a ń pè wọ́n. Èmi ni mo mú àdá. Inú mi tilẹ̀ dùn, nítorí gbígbá òdòdó wọn láràárọ̀ ti sú mi.

Ní sáà tó kọjá, olùkọ́ kan ní kí olúkúlùkù wa mú ewé kan tí Yorùbá fi ń ṣe orò wá sí kíláàsì. Akòko ni ó kàn mí. Ṣé n kò mọ akòko ni? Mo ti kọ ọ́ nínú ìdánwò pé òun ni ewé oyè, tí a ń já lé ọba àti ìjòyè lórí, pé a sì máa ń rí i ní ojúbọ Ògún. Mo mọ̀ pé ogirisi ni àwọn Ìgbò ń pè é, tí àwọn Ẹ̀dó ń pè é ní ikhimwin, tí àwọn Haúsá ń pè é ní aduruku. Mo mọ̀ pé ó wà ní ilé òrìṣà ní Bràsíìlì, níbi tí wọ́n ti ń kọ orúkọ rẹ̀ ní acocô. Ojú rẹ̀ nìkan ni n kò mọ̀. Mo wọkọ̀ lọ sí ọjà Bódè, mo ra ìdì kan.

Ìyá àgbà rí i lórí tábìlì. “Èló lo rà á?” Mo sọ fún wọn. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn, lẹ́yìn náà ẹ̀rín ọ̀hún dáwọ́ dúró. “Èyí tí o bẹ́ dànù náà kọ́ yìí?”

Wọ́n ní kíá ni akòko ń hù bí a bá ti ri ẹ̀ka rẹ̀ mọ́lẹ̀, ìdí nìyẹn tí bàbá àgbà fi fi ṣe ààlà. Lọ́jọ́ tí wọ́n jẹ Baálẹ̀ ní abúlé wa, láti ẹ̀yìnkùlé Ring Road ni wọ́n ti já ewé oyè náà lọ.

Máàkì mẹ́jọ nínú mẹ́wàá ni olùkọ́ fún mi. N kò sọ ìtàn yìí fún wọn.

Kùkùté méjì ti kú sábẹ́ kọnkéré. Ẹ̀kẹta, lẹ́bàá gọ́tà, ti rú, ó ti tó orúnkún mi. Bàbá mi ní àwọn yóò da kọnkéré síbẹ̀ kí Kérésìmesì tó dé. Ìyá àgbà kò bá wọn jiyàn. Àga ni wọ́n gbé síbẹ̀, ibẹ̀ ni wọ́n sì ń jókòó láti àárọ̀.