Báwo Ló Ṣe Ṣubú?

Obìnrin kan wà ní ìpínlẹ̀ Texas, ọmọ Ìjẹ̀bú, tó ń fi ìṣubú àwọn ẹlòmíràn jẹun. Kì í ṣe dókítà, kì í sì í ṣe nọ́ọ̀sì. Nígbà tí ilẹ̀ bá ti ṣú, tí àwọn ọmọ rẹ̀ ti sùn, yóò jókòó ti kọ̀ǹpútà nínú pálọ̀, yóò máa ka ohun tí dókítà kọ nípa àwọn tí wọ́n gbé wá sí ilé ìwòsàn, yóò sì máa sọ ọ̀rọ̀ náà di kóòdù: lẹ́tà kan, nọ́ńbà mélòó kan. Kóòdù yìí ni ilé-iṣẹ́ adójútòfò máa ń wò kó tó sanwó ìtọ́jú. Ó ti lé ní ọdún mẹ́wàá tó ti ń ṣe é.

Nínú gbogbo ohun tí iṣẹ́ náà mú un mọ̀, kò sí èyí tó máa ń pa á lẹ́rìn-ín tó ọ̀rọ̀ bàtà onítáyà, èyí tí àwọn ọ̀dọ́ Èkó ń pè ní sìkéètì. Ìwé kóòdù tí Amẹ́ríkà bẹ̀rẹ̀ sí í lò ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá ọdún 2015 kò fi ọ̀rọ̀ yìí ṣeré rárá. Bí táyà bàtà náà bá tò tẹ̀lé ara wọn ní ìlà kan ṣoṣo, tí ẹni tó wọ̀ ọ́ sì ṣubú, V00.111 ni. Bó bá jẹ́ pé ògiri tàbí òpó iná tó dúró jẹ́ẹ́ ló lọ kọlù, ó di V00.112. Bí táyà bá jẹ́ méjì níwájú, méjì lẹ́yìn, bíi ti ọkọ̀, ọ̀rọ̀ ti yí padà nìyẹn: V00.121 ni. Pákó onítáyà ní tirẹ̀ lọ́tọ̀. Lẹ́tà kan yóò sì tún kẹ́yìn nọ́ńbà náà: A nígbà tí ìtọ́jú gan-an ń lọ lọ́wọ́, D nígbà tí ara bá ti ń yá, S fún àbùkù tó bá ṣẹ́kù sára. Nínú ìwé ti Àjọ Ìlera Àgbáyé, tí ti Amẹ́ríkà ti ṣẹ̀, ojú kan ṣoṣo ni wọ́n kó gbogbo wọn sí, W02: bàtà onítáyà, pákó onítáyà, títí kan bàtà tí àwọn Òyìnbó fi ń yọ̀ lórí yìnyín. Ará Amẹ́ríkà ní tàwọn ò rí bẹ́ẹ̀. Wọ́n tú wọn sọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Ẹni tí kò bá sí nínú iṣẹ́ náà lè rò pé ibi tí wọ́n ti to kóòdù tó báyìí, wọ́n á máa lò ó. Kóòdù ò dọ́gba níyì. Èyí tó sọ pé egungun kán, tó fi lẹ́tà S bẹ̀rẹ̀, òun ló ń mówó wọlé. Èyí tó sọ bó ṣe kán kì í mú kọ́bọ̀ wá. Kò sí òfin tó kárí orílẹ̀-èdè náà tó sọ ọ́ di dandan, àfi bí ìpínlẹ̀ tàbí adójútòfò kan bá béèrè fún un. Ẹni tó ń kọ kóòdù kò sì gbọdọ̀ méfò. Bí dókítà bá kọ pé aláìsàn ṣubú, tó sì dánu dúró síbẹ̀, W19 ni yóò lọ: ìṣubú tí a kò sọ irú rẹ̀. Obìnrin yìí láṣẹ láti kọ̀wé béèrè lọ́wọ́ dókítà. Ó ti ṣe bẹ́ẹ̀ nígbà mélòó kan. Ọ̀gá rẹ̀ ló sọ fún un pé kó yé dá ara rẹ̀ dúró, egungun ti ní kóòdù, owó ti dájú. Láti ìgbà náà ni òun náà ti ń kọ W19, tó ń kọjá.

Ní ọjọ́ Sátidé kan, ọmọkùnrin rẹ̀, ọmọ ọdún mọ́kànlá, wọ bàtà onítáyà tí àbúrò ìyá rẹ̀ rà fún un, ó sì sọ̀ kalẹ̀ níbi tó dà gẹ̀rẹ̀ níwájú ilé wọn. Ó wọ akoto. Kò wọ ohunkóhun sí ọwọ́. Ìyá rẹ̀ ń gé ẹ̀fọ́ lọ́wọ́ nígbà tó gbọ́ "Mọ́mì!", kò sì nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé ohùn yẹn fún un.

Ní ẹ̀ka ìtọ́jú pàjáwìrì, ó rò ó fún nọ́ọ̀sì bí ẹni tó mọ ohun tí wọ́n ń wá: irú bàtà náà, bí táyà rẹ̀ ṣe tò, ibi tó ti ṣẹlẹ̀, pé ọmọ náà ṣubú ni, kò kọlu nǹkan kan. Nọ́ọ̀sì mi orí. Wọ́n ya fọ́tò egungun, wọ́n rí i pé egungun apá òsì ti kán lẹ́bàá ọrùn ọwọ́, wọ́n fi P.O.P. dì í. Ìtọ́jú náà dára, kò sí ẹjọ́ níbẹ̀.

Ní alẹ́ ọjọ́ náà, ìyá rẹ̀ pè láti Ìjẹ̀bú-Òde. Màmá kò tíì kí i tán tó fi béèrè:

"Báwo ló ṣe ṣubú?"

"Bàtà onítáyà ló wọ̀, mà."

"Àtẹ́lẹwọ́ ló fi ti ilẹ̀ ni?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

"Ẹ̀n-ẹ́n. Ó máa san."

Ìbéèrè bàbá bàbá rẹ̀ ni Màmá ń béèrè yẹn. Bàbá náà ń to egungun nígbà ayé rẹ̀, kì í sì í fọwọ́ kan ẹnikẹ́ni kó tó mọ̀ bóyá orí ọ̀pẹ lonítọ̀hún ti já bọ́ ni tàbí orí kẹ̀kẹ́, àti ọwọ́ wo ló kọ́kọ́ kanlẹ̀. Kò mọ̀ọ́kọ, kò mọ̀ọ́kà. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹni kẹta ṣubú lórí igi kan náà tí wọ́n fi ṣe afárá lójú ọ̀nà odò, òun ló lọ bá baálẹ̀ pé kí wọ́n yọ igi náà.

Nígbà tí àkọsílẹ̀ ìtọ́jú ọmọ náà jáde, ìyá rẹ̀ ṣí i. S52.502A wà níbẹ̀, egungun apá òsì, kò ku síbì kan. Lábẹ́ rẹ̀ ni W19.XXXA wà.

Kò pẹ́ tí lẹ́tà adójútòfò fi dé. Wọ́n fẹ́ mọ̀ bóyá ọkọ̀ ló gbá ọmọ náà, bóyá ẹnu iṣẹ́ ló wà, bóyá ọgbà ẹlòmíràn ló ti ṣẹlẹ̀, kí wọ́n lè mọ ẹni tí wọn yóò di gbèsè náà lé lórí. Ọmọ ọdún mọ́kànlá, iṣẹ́ wo? Wọn kò sanwó títí ìdáhùn fi dé, ilé ìwòsàn sì ti ń fi ìwé gbèsè ránṣẹ́ ní tirẹ̀.

Ṣùgbọ́n owó kọ́ ló dùn ún jù. Ní ọdún 1996, ìwé ìròyìn ìṣègùn New England Journal of Medicine gbé ìwádìí kan jáde. Àwọn tó ṣe é fọ̀rọ̀ wá àwọn tó ṣèṣe lórí bàtà onítáyà lẹ́nu wò, àwọn tó ti gba ìtọ́jú pàjáwìrì. Wọ́n rí i pé ewu ìpalára ọrùn ọwọ́ fún ẹni tí kò wọ ìbọ̀wọ́ aláàbò fi nǹkan bí ìlọ́po mẹ́wàá ju ti ẹni tó wọ̀ ọ́. Kí wọ́n tó lè mọ ìyẹn, ẹnìkan ti ní láti kọ ọ́ sílẹ̀ pé bàtà onítáyà ni. Obìnrin yìí bẹ̀rẹ̀ sí í ro iye W19 tí òun fúnra rẹ̀ ti kọ láàrin òru, tó kọjá.

Ó kọ̀wé sí ilé ìwòsàn pé kí wọ́n tún àkọsílẹ̀ náà ṣe. Òfin fún un láyè láti béèrè; kò fi dandan lé e pé kí wọ́n gbà. Wọ́n dáhùn pé ohun tí dókítà kọ tó fún ìtọ́jú tí wọ́n ṣe. Ó ra ìbọ̀wọ́ aláàbò, ọmọ náà sì ní ó ń ta òun lára.

Ní ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ yọ P.O.P., dókítà egungun, àgbàlagbà kan, jókòó lórí àpótí kékeré níwájú ọmọ náà, ó sì bi í bó ṣe ṣubú. Ọmọ náà rò ó pátá, títí dórí àwọ̀ bàtà náà. Dókítà kọ ọ́ sílẹ̀.

Kóòdù tó jáde lẹ́yìn ìyẹn ni V00.111D. Y93.51, tó yẹ kó sọ pé eré orí táyà ni ọmọ náà ń ṣe, kò sí níbẹ̀, nítorí ẹ̀ẹ̀kan péré ni wọ́n máa ń kọ ọ́, nígbà àkọ́kọ́ tí wọ́n bá rí aláìsàn. Bí ẹnikẹ́ni bá ka ìwé náà lónìí, yóò rí ọmọ kan tí ara rẹ̀ ń yá lẹ́yìn ìṣubú orí bàtà onítáyà, kò sì ní rí ọjọ́ tí bàtà gbé e ṣubú.