Igi Akòko Tó Wà ní Ìwàdé

Bí ẹ bá gba Ìjẹ̀bú-Òde kọjá, tí ẹ yà sí Ìwàdé, ẹ wo ẹ̀yìn àwọn ògbólógbòó ilé. Igi tó ga, tí ewé rẹ̀ ń dán, tí òdòdó rẹ̀ dà bí àlùkò tó ti ṣá, akòko nìyẹn.

Ọ̀kan wà ní agbo ilé ìyá bàbá mi. Ní Sátidé tó kọjá ni mo lọ síbẹ̀, nítorí mo gbọ́ pé mọ̀lẹ́bí mi kan fẹ́ gé e kí ó lè rí ibi gbé mọ́tò rẹ̀ sí. Olórí ẹbí ni mo bá lábẹ́ igi náà. Mo dọ̀bálẹ̀.

"Tíṣà, káàbọ̀. Ṣé ìwọ náà wá bá wọn gé e ni?"

"Rárá o, Bàbá. Mo wá wò ó ni."

"Kí wọ́n tó gé e, kí wọ́n kọ́kọ́ fi ibi tí ilẹ̀ wa parí sí hàn mí."

Òótọ́ ni Bàbá sọ. A kò pe awọnlẹ̀ sórí ilẹ̀ yìí rí. Akòko méjì ni àwọn baba wa rì mọ́lẹ̀ láàárín àwa àti aládùúgbò wa. Ọ̀kan ti wó. Bí a bá gé ẹ̀ka akòko, tí a rì í mọ́lẹ̀, kì í pẹ́ hù, ìdí nìyí tí wọ́n fi ń fi í ṣe ọgbà àti ààlà. Àwọn Ìgbò náà ń gbìn ín sí ààlà àti ojúbọ. Ogirisi ni wọ́n ń pè é. Ikhimwin ni lẹ́nu àwọn ará Bìní, aduruku lẹ́nu àwọn Hausa. Láti Senegal títí dé Cameroon ló ti ń hù. Ẹni tó bá ní ti Ìjẹ̀bú nìkan ni, kò tíì rìn jìnnà.

Lọ́dọ̀ tiwa, ewé rẹ̀ ni ewé oyè. Onígbàgbọ́ ni mí, n kò bọ igi, ṣùgbọ́n mo ti rí alàgbà ìjọ àti Àlájì tí wọ́n tẹ orí ba kí a fi ewé yìí sí i. Mo sọ èyí fún mọ̀lẹ́bí mi. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní ewé akòko kún ọjà. Ó kún ọjà lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹlẹ́wé-ọmọ kì í ta ààlà.

Ọjọ́ Àìkú tó ń bọ̀ ni ẹbí yóò jókòó lé ọ̀rọ̀ náà. Kí n tó kúrò, Bàbá gé ẹ̀ka kan fún mi, mo sì ti rì í mọ́lẹ̀ lẹ́yìn ilé tí mo háyà. Onílé ti ń bi mí pé ààlà ta ni mò ń pa.